Ìràwọ̀ Niamey Tí Kò Ní Iná Nílé

Bí èèyàn bá ń lọ sí ọjà Katako ní Niamey, etí ni yóò kọ́kọ́ sọ fún un pé ó ti fẹ́ débẹ̀. Òòlù ń lu irin, irin ń dá a lóhùn. Pákó ni Haúsá ń pè ní katako, ibẹ̀ ni orúkọ ọjà náà sì ti wá, ṣùgbọ́n pákó nìkan kọ́ ni wọ́n ń tà níbẹ̀ mọ́. Àgbá epo tó ti gbó di àpótí ìyàwó. Irin ọkọ̀ tó ti kú di ààrò àti ọkọ́. Àlòkù alumíníọ́ọ̀mù wọ iná, ó sì jáde ní ìkòkò ńlá tí wọ́n fi ń se ìrẹsì ìsọmọlórúkọ. Ohun tí ará Ìbàdàn ń pè ní kọ̀ǹdẹ́ẹ̀mù, tó ń kó fún ọmọ tó ń ti kẹ̀kẹ́ kiri àdúgbò, owó gidi ni ní Katako. Ohun tí ìlú bá ti sọ nù, àwọn alágbẹ̀dẹ ibẹ̀ á rí ìlò fún un.

Ní ìlú kan náà yìí ni obìnrin kan gbé wà tí ojú rẹ̀ ti kún ara ògiri sinimá láti Niamey dé Ouagadougou, tí ìlú sì lò ó tán tó gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Zalika Souley ni orúkọ rẹ̀.

Ọdún 1947 ni wọ́n bí i. Òun ni obìnrin àkọ́kọ́ ní orílẹ̀-èdè Niger tó sọ eré inú fíìmù di iṣẹ́ òòjọ́, àwọn tó ń kọ ìtàn sinimá sì máa ń kà á sí àkọ́kọ́ irú rẹ̀ ní gbogbo ilẹ̀ adúláwọ̀ tó wà nísàlẹ̀ aṣálẹ̀ Sàhárà. Nígbà tí Rahmatou Keïta, olùdarí fíìmù tó jẹ́ ọmọ Niger bíi tirẹ̀, gbé kámẹ́rà tọ̀ ọ́ lọ ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún yìí, inú ilé oníyàrá méjì ló bá a, òun àti ọmọ mẹ́rin. Kò sí omi ẹ̀rọ. Kò sí iná mànàmáná. Obìnrin tí gbogbo ìlú ti jókòó nínú òkùnkùn sinimá láti wò kò ní gílóòbù kan tó lè tàn ní yàrá ara rẹ̀.

Fíìmù tí Keïta fi ọ̀rọ̀ rẹ̀ ṣe jáde ní 2004. Ó pè é ní Al'lèèssi, ọ̀rọ̀ tí àwọn Songhay àti Zarma ń lò fún ohun tí Yorùbá ń pè ní àyànmọ́.

Orúkọ náà dùn ún gbọ́. Ó bá etí wa mu gan-an, nítorí àwa náà ní i lẹ́nu pé àyànmọ́ ò gbóògùn, a sì máa ń fi í parí ọ̀rọ̀ nígbà tí ọ̀rọ̀ bá ti sú wa. Níbí ni òǹkọ̀wé yìí ti fẹ́ bá àkọlé fíìmù yẹn jiyàn díẹ̀. Ẹjọ́ Zalika Souley, ẹjọ́ owó ni. Orí rẹ̀ kò mọwọ́ mẹsẹ̀ níbẹ̀. Àwọn kan ló jókòó tí wọ́n pín owó sinimá, wọ́n sì pín in débi pé kò kan obìnrin tí àwọn èèyàn ń torí rẹ̀ ra tíkẹ́ẹ̀tì. Bí a bá ti gbé ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ sí àyànmọ́ lọ́rùn, a ti jẹ́ kí àwọn tó jẹ gbèsè lọ sílé lọ sùn.

Sinimá tó bí Zalika, ìyá odi ló tọ́ ọ. Jean Rouch, Faransé kan tó kọ́kọ́ wá sí Niger ní 1941 láti la ọ̀nà, ló di ẹni tó ń gbé kámẹ́rà kiri etí odò Ọya níbẹ̀. Ẹ̀rọ rẹ̀ dà bí aago àtijọ́: ọwọ́ ni wọ́n fi ń wé e, bí ó bá sì ti ṣiṣẹ́ fún bí ìṣẹ́jú àáyá 25, ó dákẹ́, àfi kí wọ́n tún wé e. Kò gba ohùn rárá. Ní 1957, ó fi irú ẹ̀rọ yìí tẹ̀ lé àwọn ọ̀dọ́ Niger tó lọ wá owó ní Treichville, ní Abidjan. Fíìmù tó jáde níbẹ̀ ni Moi, un noir. Àwọn ọ̀dọ́ náà ti fi orúkọ òṣèré sinimá sọ ara wọn: ọ̀kan ń jẹ́ Edward G. Robinson, ọ̀kan ń jẹ́ Eddie Constantine, ọ̀kan ń jẹ́ Tarzan. Obìnrin kan wà láàrin wọn, Gambi, tí wọ́n ń pè ní Dorothy Lamour. Wọ́n jó, wọ́n jà, wọ́n rẹ́rìn-ín, ẹnu ń mì, a ò gbọ́ nǹkan kan. Ẹ̀yìn tí wọ́n ya àwòrán tán ni Oumarou Ganda, Edward G. Robinson ọjọ́ náà, wá jókòó síwájú àwòrán ara rẹ̀, tó ń sọ ọ̀rọ̀ lé e lórí bí ẹní ń kì ara rẹ̀ ní oríkì. Ọmọ Niamey ni, ó ti jagun fún Faransé ní Indochina, ó ti ru ẹrù ní èbúté Abidjan. Fíìmù náà gba ẹ̀bùn Louis Delluc ní ilẹ̀ Faransé ní 1958.

Ganda padà sí Niamey, ó di olùdarí fíìmù fúnra rẹ̀, ilé àṣà ńlá kan sì ń jẹ́ orúkọ rẹ̀ níbẹ̀ títí dòní. Kò sí ilé kankan tó ń jẹ́ Gambi.

Ọdún 1966 ni Zalika wọ inú ìtàn yìí. Moustapha Alassane, ọ̀dọ́kùnrin kan tí kò tíì ju ọdún mẹ́rìnlélógún lọ, tó ti kọ́ bí wọ́n ṣe ń mú àwòrán ọwọ́ rìn lọ́dọ̀ Norman McLaren ní Kánádà, fẹ́ ṣe fíìmù kábọ́ì ní abúlé Niger. Ìtàn náà kò le: ọmọkùnrin kan ti Amẹ́ríkà dé, kò mú bọ́ọ̀lì kò mú rédíò bọ̀ fún àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀, aṣọ kábọ́ì ló kó wá. Bí wọ́n ti wọ aṣọ yìí ni wọ́n ti yàyàkuyà. Wọ́n ń jí ẹṣin, wọ́n ń bá ara wọn jà nílé ọtí, wọ́n ń da abúlé láàmú. Obìnrin kan ṣoṣo ló wà nínú ẹgbẹ́ náà, orúkọ rẹ̀ sì ni Reine Christine, Ọbabìnrin Christine. Zalika, tí kò tíì pé ogún ọdún, ló ṣe é. Fíìmù náà, Le Retour d'un aventurier, kò ju ìṣẹ́jú 34 lọ. Inú ìṣẹ́jú 34 yẹn ni ọmọbìnrin Niamey kan ti wọ ṣòkòtò, tó bá ọkùnrin dọ́gba, tó sì gba orúkọ ọba. Ó tilẹ̀ mú ìyàlẹ́nu dání débi pé Faransé kan, Serge Moati, gbé kámẹ́rà tirẹ̀ wá láti ya àwọn tó ń ya fíìmù náà, ó sì pe tirẹ̀ ní Les cow-boys sont noirs: àwọn kábọ́ì náà, aláwọ̀ dúdú ni wọ́n.

Orúkọ Ọbabìnrin Christine yìí, Greta Garbo ti jẹ́ ẹ nínú fíìmù kan ní Hollywood ní 1933. Garbo bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ nígbà tí sinimá ṣì jẹ́ odi, ó fi iṣẹ́ sílẹ̀ ní 1941, nígbà tó jẹ́ ẹni ọdún mẹ́rìndínlógójì, ó sì wà ní New York lọ́lá lọ́rọ̀ títí tó fi kú ní 1990. Christine ti ilẹ̀ Sweden ní owó ìfẹ̀yìntì. Ti Niamey ń pọn omi.

Ìyà tó kọ́kọ́ jẹ Zalika kì í ṣe ti owó. Ipa tí wọ́n ń fún un, ipa obìnrin burúkú ni: aṣẹ́wó, oníjàngbọ̀n, orogún tó ń gbèrò ibi, obìnrin tó gba ọkọ ọlọ́kọ. Ó sì mọ̀ ọ́n ṣe. Ìlú kò wá ya obìnrin tó wà lára ògiri sinimá sọ́tọ̀ kúrò lára obìnrin tó ń lọ ra ata lọ́jà. Ohun tí wọ́n ní kó ṣe lálẹ́, wọ́n fi bú u lọ́sàn-án. Ẹ má sì jẹ́ ká fi ọwọ́ òsì júwe ilé ẹlòmíràn. Ní nǹkan bí ọdún tí wọ́n bí Zalika, Hubert Ogunde ń wá obìnrin fún eré rẹ̀ ní Èkó, kò rí. Kò sí bàbá tó fẹ́ gbọ́ pé ọmọ òun ń jó níwájú èrò. Ó wá polówó nínú ìwé ìròyìn pé akọ̀wé obìnrin lòun ń wá. Nígbà tí wọ́n dé ni wọ́n gbọ́ pé orí ìtàgé ni iṣẹ́ wà. Ọgbọ́n tó fi dá wọn dúró lẹ́yìn náà kò ṣàjèjì sí ẹnikẹ́ni tó mọ ìtàn Ogunde: ó ń fẹ́ wọn sílé. Bí ìyàwó ọ̀gá bá jó lórí ìtàgé, ta ni yóò pè é ní aṣẹ́wó? A lè yọ ṣùtì sí ọgbọ́n yìí lónìí, ó kéré tán ó fún àwọn obìnrin yẹn ní òrùlé. Zalika kò ní òrùlé bẹ́ẹ̀. Òun nìkan ló dá dúró gba èébú fún ipa tí ọkùnrin kọ, tí ọkùnrin darí, tí ọkùnrin gbé lọ gba ẹ̀bùn.

Ẹ̀bùn náà kò sì kéré. Wọ́n gbé Cabascabo, fíìmù tí Ganda ṣe lórí sójà tó ti Indochina dé tó ná owó rẹ̀ tán sí ara ọ̀rẹ́, lọ sí Cannes ní 1969. Lẹ́yìn rẹ̀ ni Le Wazzou polygame, ìtàn Alhaji kan tó ti Mẹ́kà dé tí ojú rẹ̀ lọ sí ara ọmọbìnrin tí ẹlòmíràn ti ń fẹ́. Ọ̀kan nínú ìyálé gbèrò láti pa ìyàwó tuntun, ó ṣi ọwọ́, ó pa ọ̀rẹ́ ìyàwó. Nígbà tí FESPACO, àjọ̀dún fíìmù Ouagadougou, kọ́kọ́ fi ẹ̀bùn ẹlẹ́ṣin Yennenga lélẹ̀ ní 1972, fíìmù yìí ni wọ́n gbé e fún. Zalika wà nínú méjèèjì. Ó wà nínú Saïtane, tí Ganda fi bá àwọn alálùfáà èké wí. Ó wà nínú F.V.V.A. tí Alassane ṣe ní 1972. Lẹ́tà mẹ́rin yẹn dúró fún obìnrin, ilé ńlá, mọ́tò àti owó, ohun mẹ́rin tí gbogbo ọkùnrin ìlú ń sá kiri lé. Ó wà nínú Aube noire tí Djingarey Maïga ṣe ní 1983. Ní gbogbo àwọn ọdún yẹn, orílẹ̀-èdè tí èèyàn rẹ̀ kò pọ̀, tí púpọ̀ nínú ilẹ̀ rẹ̀ jẹ́ yanrìn, wà lára àwọn tó ń ṣíwájú nínú iṣẹ́ fíìmù ní Áfíríkà. Ẹni tó bá fẹ́ mọ ojú tí sinimá yẹn ní, ojú Zalika ni.

Lẹ́yìn náà, ó dákẹ́.

Kì í ṣe pé Zalika gbàgbé bí wọ́n ṣe ń ṣeré. Ilé tó ń ṣeré nínú rẹ̀ ló wó. Láti ayé Faransé ni iléeṣẹ́ méjì, COMACICO àti SECMA, ti di sinimá gbogbo ilẹ̀ tó ń sọ Faransé ní Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà mú lọ́rùn. Fíìmù Íńdíà àti ti kábọ́ì tó ti gbó ni wọ́n ń kó wá, nítorí wọ́n ti jẹ èrè wọn tán níbòmíràn, ohun yòówù tí wọ́n bá rí ní Niamey, jàrá ni. Fíìmù tí ọmọ Niger ṣe kò rí àyè níbẹ̀. Upper Volta, Burkina Faso òde òní, gba sinimá rẹ̀ lọ́wọ́ wọn ní 1970. Ní 1979, àwọn orílẹ̀-èdè náà fọwọ́ sowọ́ pọ̀ dá CIDC sílẹ̀ ní Ouagadougou, àjọ tí yóò máa ra fíìmù tí yóò sì máa pín in láàrin ara wọn. Inoussa Ousseini, tóun náà jẹ́ olùdarí fíìmù ọmọ Niger, ni wọ́n fi ṣe ọ̀gá rẹ̀. Ohun tó dára jù lọ tí ẹnikẹ́ni tíì ronú kàn fún òṣèré Áfíríkà nìyẹn: kí tíkẹ́ẹ̀tì tí wọ́n rà ní Dakar lè sanwó fíìmù tí wọ́n máa yà ní Niamey. Àwọn ìjọba kan kò san gbèsè tí wọ́n jẹ CIDC. Kò lo ọdún mẹ́wàá.

Ganda ti kú ní ọjọ́ kìíní ọdún 1981, ọkàn ló dá a dúró. Owó uranium tí ìjọba Niger fi ń gbéra wálẹ̀ ní ọjà àgbáyé ní àwọn ọdún yẹn. Ọ̀dá 1984 tún dé. Ìjọba tí kò rí jéró fún aráàlú, ta ni yóò bá a sọ̀rọ̀ kámẹ́rà? Fídíò wọ ilé, sinimá ń tì lọ́kọ̀ọ̀kan, àwọn kan di ilé ìkẹ́rùsí.

Ẹni tó bá fẹ́ dá Zalika lẹ́bi yóò sọ pé ṣé kò lè fi owó rẹ̀ pamọ́ ni. Owó wo? Níbí ni ọ̀rọ̀ ti yẹ kó rọrùn fún oníṣòwò láti yé. Alágbẹ̀dẹ Katako tó rọ ìkòkò, ó tà á, ìkòkò ti kúrò lọ́wọ́ rẹ̀, ó tọ́ bẹ́ẹ̀: ẹni tó rà á nìkan ló ń se oúnjẹ nínú rẹ̀. Fíìmù kì í ṣe ìkòkò. Ẹ̀ẹ̀kan ni òṣèré ṣe é, ẹgbẹ̀rún ìgbà ni wọ́n ń tà á. Wọ́n tà á fún sinimá, wọ́n tà á fún tẹlifíṣọ̀n, wọ́n fi í hàn ní Paris lẹ́yìn àádọ́ta ọdún, àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n fi í gba oyè. Gbogbo ẹni tó fọwọ́ kàn án ló ń rí nǹkan díẹ̀ jẹ, àfi ẹni tí ojú rẹ̀ wà nínú rẹ̀. Owó iṣẹ́ ọjọ́ kan ni wọ́n san fún ohun tí kì í tán.

Kì í ṣe Áfíríkà nìkan ni wọ́n ti ń pín in báyìí. Nígbà tí sinimá ṣì jẹ́ odi ní Amẹ́ríkà, àwọn iléeṣẹ́ kò tilẹ̀ fẹ́ kọ orúkọ òṣèré sí ara fíìmù, nítorí ẹni tí ayé bá mọ orúkọ rẹ̀ yóò bèèrè owó sí i. Florence Lawrence, tí wọ́n bí ní Kánádà ní 1886, ni ojú rẹ̀ gbajúmọ̀ jù lọ nígbà náà, síbẹ̀ ọmọbìnrin Biograph ni wọ́n ń pè é, orúkọ iléeṣẹ́ tó ń ṣiṣẹ́ fún. Carl Laemmle fà á wá sí iléeṣẹ́ tirẹ̀, ní 1910 ó fọ́n ọn káàkiri pé ọkọ̀ ojú irin ìgboro ti pa á, ó sì tún gbé ìpolówó jáde pé irọ́ ni, ó wà láàyè. Báyìí ni orúkọ rẹ̀ ṣe dé etí gbogbo ayé. Bí ẹ bá rí i lónìí tí ẹnìkan ń fi ikú èké polówó fíìmù lórí íńtánẹ́ẹ̀tì, ẹ mọ̀ pé ọgbọ́n náà ti lé ní ọgọ́rùn-ún ọdún.

Ohun kan wà nípa Florence Lawrence tí àwọn awakọ̀ Katako ì bá fẹ́ gbọ́. Ó fẹ́ràn mọ́tò, ní bí ọdún 1914 ó sì ṣe apá kan sára ọkọ̀ tó ń gbéra tàbí tó ń relẹ̀ bí wọ́n bá tẹ bọ́tìnnì, kí ẹni tó ń bọ̀ lẹ́yìn lè mọ ibi tí ọkọ̀ fẹ́ yà sí, àti àmì mìíràn lẹ́yìn ọkọ̀ tó ń sọ pé ó fẹ́ dúró. Kò fi orúkọ sílẹ̀ lọ́dọ̀ ìjọba pé tòun ni. Ìyá rẹ̀, Charlotte Bridgwood, gba ìwé ẹ̀rí lórí ẹ̀rọ tó ń nu ojú gíláàsì ọkọ̀ ní 1917, owó kò tibẹ̀ jáde. Ọkọ̀ tó ń yà lónìí ní Niamey, ní Ìlọrin, ní ibi gbogbo, ń ṣẹ́jú kó tó yà. Kò sí kọ́bọ̀ kan tó kan òṣèrébìnrin náà. Iná jó o níbi tó ti ń ya fíìmù, ara rẹ̀ kò padà bọ̀ sípò. Ipa wẹ́wẹ́ ló ń ṣe nígbẹ̀yìn. Ní ọjọ́ 28 oṣù Kejìlá 1938, ó gbé májèlé jẹ, wọ́n sì sin ín sí ibojì tí kò ní òkúta. Ọdún 1991 ni òṣèré kan, Roddy McDowall, tó bá wọn gbé òkúta lé e lórí, tí wọ́n kọ ọ́ síbẹ̀ pé òun ni ìràwọ̀ fíìmù àkọ́kọ́.

Ti Evelyn Preer tún sún mọ́ wa ju èyí lọ, nítorí obìnrin dúdú ni. Vicksburg, ní Mississippi, ni wọ́n bí i sí ní 1896. Ó bẹ̀rẹ̀ lọ́dọ̀ Oscar Micheaux, ọkùnrin dúdú tó ń fi owó ara rẹ̀ àti owó yíyá ṣe fíìmù, ní 1919 pẹ̀lú The Homesteader. Ọdún kejì, ó ṣe olórí ẹ̀dá ìtàn nínú Within Our Gates, fíìmù odi tó fi hàn bí àwọn òyìnbó ṣe ń so aláwọ̀ dúdú rọ̀ sórí igi. Kò gba kí wọ́n fi òun sí ipa ìránṣẹ́bìnrin nìkan. Ó ṣeré lórí ìtàgé pẹ̀lú àwọn Lafayette Players, ó kọrin. Ní oṣù Kọkànlá 1932, oṣù díẹ̀ lẹ́yìn tó bímọ, òtútù àyà pa á. Ẹni ọdún mẹ́rìndínlógójì ni, iye ọdún tí Garbo fi ṣíwọ́ iṣẹ́. The Homesteader sọnù títí dòní, àti púpọ̀ nínú èyí tó bá Micheaux ṣe. Within Our Gates náà ti sọnù fún bí àádọ́ta ọdún kí wọ́n tó rí ẹyọ kan he ní ilẹ̀ Spain, níbi tí wọ́n ti pè é ní La Negra, tí ilé ìkàwé ìjọba Amẹ́ríkà sì tún un ṣe ní 1993. Ọmọ tó bí kó tó kú dàgbà di obìnrin ajẹ́jẹ̀ẹ́ ìjọ Àgùdà, ó sì di òpìtàn eré, ó ń wá iṣẹ́ ìyá rẹ̀ kiri.

Kí ni gbogbo èyí kan Yorùbá tó ń ka ìwé ìròyìn lórí àga nílé rẹ̀? Ó kàn án púpọ̀. Kò sí oṣù kan tí a kì í rí àgbà òṣèré wa kan lórí fóònù, tó jókòó sí iwájú ògiri tí ọ̀dà ti ń bó, tó ń bẹ̀bẹ̀ owó ìtọ́jú ìfúnpá tàbí ti kíndìnrín. Ojú tó ti pa wá lẹ́rìn-ín láti kékeré ni. A ó káàánú, a ó fi ẹgbẹ̀rún méjì ránṣẹ́, a ó sọ pé ayé le. Ní ọjọ́ kan náà, fíìmù tó ṣe ní ogún ọdún sẹ́yìn ń lọ lọ́wọ́ lórí YouTube, ìpolówó ń já wọ inú rẹ̀, owó ìpolówó sì ń lọ sí àpò ẹlòmíràn. Ọrẹ tí a ń ta a, gbèsè tí wọ́n jẹ ẹ́ ni. Òun gan-an kò mọ̀ bẹ́ẹ̀, ìdí nìyẹn tó fi ń bẹ̀bẹ̀.

Òfin ti ń yí padà, kí a má purọ́. Àdéhùn Beijing tí àwọn orílẹ̀-èdè ṣe ní 2012 lórí ẹ̀tọ́ òṣèré inú fíìmù bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọjọ́ 28 oṣù Kẹrin 2020, Nàìjíríà sì ti fọwọ́ sí i. Òfin ẹ̀tọ́ oníṣẹ́ ọpọlọ tuntun ti Nàìjíríà, tí Ààrẹ Buhari buwọ́ lù ní oṣù Kẹta 2023, fún òṣèré ní ẹ̀tọ́ lórí eré tó ṣe. Ṣùgbọ́n òfin kì í rìn lọ bá èèyàn níbi tí wọ́n ti ń ya fíìmù. Níbẹ̀, "ẹ bá wa ṣe é, ẹbí ni wá" ni wọ́n ń sọ, wọ́n á kó owó epo mọ́tò fún òṣèré, wọ́n á bu ìrẹsì fún un, ó parí. Òṣèré á ní, ọ̀gá ni mo ń bá ṣiṣẹ́, báwo ni n ó ṣe gbé ìwé síwájú ọ̀gá kó buwọ́ lù ú? Ìtìjú yìí ló ń pa òṣèré wa, àwọn obìnrin ló sì ń pa jù, nítorí obìnrin tó bá bèèrè owó ni wọ́n ń pè ní aláìmoore, òun náà ni wọn kì í pè mọ́ bí ojú rẹ̀ bá ti hunjọ díẹ̀. Ọkùnrin tó ti darúgbó yóò ṣe bàbá, yóò ṣe ọba, yóò ṣe babaláwo. Ipa àjẹ́ ló kù fún obìnrin.

Èrò òǹkọ̀wé yìí kò ju ọ̀nà kan lọ. Kí ìwé àdéhùn wà kí kámẹ́rà tó tàn, kí ó sì kọ ọ́ síbẹ̀ pé nígbàkigbà tí wọ́n bá tún fíìmù náà tà, ìdá kan, bó ti wù kó kéré tó, yóò kan àwọn tó ṣeré nínú rẹ̀. Ẹgbẹ́ òṣèré tó ń gba owó ìwọlé lọ́dọ̀ ọmọ ẹgbẹ́ lè fi apá kan rẹ̀ gba agbẹjọ́rò tí yóò máa ka ìwé yẹn fún ẹni tí kò bá lè kà á. Àwọn kan yóò ní fíìmù Yorùbá kò lówó tó bẹ́ẹ̀. Bí kò bá lówó, ìdá nínú owó kékeré kò lè pa ẹnikẹ́ni lára. Bí ó bá sì lówó, a ti mọ ibi tó ń lọ.

Ọ̀rọ̀ tún ku ti àwọn tó ní ẹrù nílé. Teepu fídíò àtijọ́ wà lábẹ́ ibùsùn ní Òṣogbo, ní Abẹ́òkúta, ní Cotonou, nílé àwọn Yorùbá tó ń ṣòwò ní Niamey pàápàá. Èkúté àti ooru ń jẹ wọ́n. Ẹ má dà wọ́n nù. Ẹ kọ orúkọ àwọn obìnrin tó wà nínú wọn sára páálí, gbogbo wọn, títí kan ẹni tó kàn gbé omi wọlé fún ọba, kí ẹ sì wá ọmọ ìran yìí kan tó mọ kọ̀ǹpútà tí yóò dà á kọ.

Zalika Souley kú ní oṣù Keje 2021, lẹ́ni ọdún mẹ́tàléláàádọ́rin. Orúkọ Oumarou Ganda wà lára ilé àṣà ní Niamey, orúkọ Jean Rouch wà lára òmíràn ní ìlú kan náà títí di 2024, ó sì tọ́ sí àwọn méjèèjì. Niamey ṣì ń kọ́lé. Àwọn alágbẹ̀dẹ Katako mọ bí wọ́n ṣe ń gé lẹ́tà sára irin, iye owó tí wọ́n sì máa gbà lórí orúkọ Zalika Souley kò lè wọ́n jù fún ìlú tó ti wo obìnrin náà fún bí ogún ọdún.